Ìdúpẹ́ Nítorí Ẹ̀rọ Kejì

Nígbà tí owó epo pọ̀ nílùú, gbogbo èèyàn ló fẹ́ mu ohun tútù. Ọ̀gá mi ní ilé iṣẹ́ yìnyín ní Mafoluku, ó sì ń tà á fún àwọn ẹlẹ́ja àti ọlọ́tí títí dé Bọ́ládé. Èmi ni akọ̀wé rẹ̀. Lọ́jọ́ Ìsinmi, èmi náà ni akọ̀wé ìjọ wa, òun sì ni Bàbá Ìjọ. Mo ń dúpẹ́ fún iṣẹ́ méjèèjì, nítorí ilé ẹ̀kọ́ ìjọ ní Èkìtì ló kọ́ mi ní ìwé tí mo fi ń jẹun.

Ẹ̀rọ yìnyín kan ṣoṣo ni iléeṣẹ́ mànàmáná fọwọ́ sí pé kí ọ̀gá mi lò. Ó ra ìkejì, ó gbé e pamọ́ sẹ́yìn òkìtì ìyẹ̀fun pákó tí a fi ń bo yìnyín. Tí méjèèjì bá ti ń ṣiṣẹ́, gílóòbù gbogbo àdúgbò á pọ́n bàìbàì, áyọ́ọ̀nù télọ̀ tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ wa kò sì ní gbóná tó láti na ọrùn ẹ̀wù. Àwọn ará àdúgbò kọ lẹ́tà títí. Àwọn oníná, tí wọ́n máa ń ru àkàbà wá láìmú fíúsì dání, kò fèsì. Ìgbà tí ẹ̀rọ amúlétutù ọ̀gá wọn kan ní Àjàó Estate kọ̀ tí kò ṣiṣẹ́ ni wọ́n rántí pé òfin wà. Wọ́n gé iná wa.

Ọ̀gá mi pè wọ́n lẹ́jọ́, ó ní wọ́n gé iná òun láìnídìí. Kí wọ́n tó wá yẹ ilé iṣẹ́ wò, ó ti fi lọ́rì gbé ẹ̀rọ kejì lọ sí ilé ìyàwó rẹ̀. Nọ́ọ̀tì mẹ́rin tí wọ́n fi dè é mọ́lẹ̀ ṣì yọrí nínú sìmẹ́ńtì. Àwọn olùyẹ̀wò náà fò wọ́n kọjá, wọ́n mu omi tútù, wọ́n lọ.

Ohun tí ọ̀gá mi gbàgbé ni ìdúpẹ́ rẹ̀. Nígbà tí ẹ̀rọ náà dé, òun àti ẹbí rẹ̀ jó lọ síwájú pẹpẹ, èmi sì ka ohun tó ní kí n kọ sínú ìwé ìdúpẹ́: Bàbá Ìjọ dúpẹ́ fún ẹ̀rọ yìnyín kejì, tó tóbi ju ti àkọ́kọ́ lọ. Òun fúnra rẹ̀ ló ní kí n má gbàgbé ìwọ̀n rẹ̀. Ọkùnrin kan tó ń ka mítà fún àwọn oníná jókòó lẹ́yìn, òun ló ṣe Àmín tó ròkè jù. Òun náà ló lọ sọ fún lọ́yà wọn. Kóòtù ránṣẹ́ pè mí pé kí n mú ìwé náà wá.

Ọ̀gá mi pè mí sí yàrá rẹ̀, ó ti ilẹ̀kùn.

“Akọ̀wé, ṣé eku ìjọ wa kì í jẹ ìwé ni?”

“Wọ́n ń jẹ ẹ́, Bàbá. Wọn ò kàn mọ̀wé tó láti mú ojú ìwé yẹn nìkan.”

Kò rẹ́rìn-ín. Ó ní bí ojú ìwé náà bá dé kóòtù, kí n má padà wá síbi iṣẹ́. Ìyàwó mi wà nínú oyún nígbà náà, iṣẹ́ yìí ló sì ń bọ́ wa. Mo gbàdúrà, mo sì fọwọ́ lé Bíbélì ní kóòtù. Mo ka ohun tó wà nínú ìwé ìdúpẹ́ náà.

Lọ́yà ọ̀gá mi dìde, ó ní oníbàárà òun fi ìgbàgbọ́ dúpẹ́ ni, pé ẹ̀rọ náà kò tíì dé títí dòní. Adájọ́ yíjú sí mi.

“Ṣé ẹ máa ń mọ ìwọ̀n ohun tí kò tíì dé ní ìjọ yín?”

“Rárá, Olúwa mi.”

Ó da ẹjọ́ ọ̀gá mi nù, iṣẹ́ mi sì bọ́ lọ́jọ́ yẹn gan-an. Ìwé ìdúpẹ́ ìjọ kò sí lára ohun tí ọ̀gá mi lè gbà lọ́wọ́ mi. Lọ́jọ́ Ìsinmi tó tẹ̀lé e, ó fi ìdúpẹ́ mìíràn rán awakọ̀ rẹ̀ sí mi, pé Ọlọ́run kó òun yọ lọ́wọ́ àwọn ọ̀tá. Mo kọ ọ́ sí abẹ́ ti àkọ́kọ́, lójú ìwé kan náà, mo sì kà á sókè ketekete. Ọkùnrin tó ń ka mítà tún ṣe Àmín. Lẹ́yìn náà ni mo ka tèmi: pé n kò purọ́ lórí Bíbélì. N kò fi ìwọ̀n kankan kún un.