Kókó Inú Pòtétò

Òórùn pòtétò tí a sè tòun ti èèpo rẹ̀ kò jọ ti iṣu rárá. Ti iṣu a máa ta sánsán wọ imú, ṣùgbọ́n ti pòtétò dà bí ìgbà tí òjò àkọ́rọ̀ bá rọ̀ sórí erùpẹ̀ ẹ̀yìnkùlé. Òórùn yẹn ló kún ilé ìdáná wa ní Ìjàpọ̀, nílùú Àkúrẹ́, ní ọdún tí mo fẹ́ sọ yìí. Ìgbà Sáàpù ni, tí ìjọba ní kí gbogbo wa ṣọ́ owó ná. Bí o bá ti dáná nígbà náà, kò sí àlàyé tí mo fẹ́ ṣe fún ọ. Tíṣà ni mí, ọkọ mi tó jẹ́ ọmọ Ìkàrẹ́ ń ṣe akọ̀wé ìjọba, àwa méjèèjì sì mọ bí oṣù ṣe ń parí tí owó oṣù kò tẹ̀lé e. Bọ́tà ló kọ́kọ́ kúrò lórí tábìlì wa, mílíìkì bá a lọ. Nígbà tó sì di àárín òjò, tí iṣu àtijọ́ ti tán tí tuntun kò tíì jáde, iṣu pàápàá sọ wá di ẹni tí kò mọ̀ rí.

Ọkọ aládùúgbò wa kan ń wa mọ́tò níléeṣẹ́ ìjọba. Wọ́n rán an lọ sí Jọ́ọ̀sì, ó sì gbé odidi àpò pòtétò kan bọ̀. Inú ìyàwó rẹ̀, ọmọ bíbí Àkúrẹ́, kò dùn sí i. Ó ní irú ìrìn-àjò wo nìyí, tí èèyàn dé Òkè Ọya tí kò mú ẹ̀wà bọ̀. Ṣùgbọ́n obìnrin tó lawọ́ ni, ó bù ú kún bàsíà, ó gbé e wá fún mi. "Tíṣà, ẹ jẹ́ ká gún un bí uyán," ló wí. Ìwọ náà mọ ohun tí àwọn àgbà wí, pé iyán ni oúnjẹ, ọkà ni oògùn, àìrí rárá là ń jẹ ẹ̀kọ. Kò sí ibi tí pòtétò wọ̀ níbẹ̀, ṣùgbọ́n ebi kì í wọ inú kí ọ̀rọ̀ mìíràn wọ̀ ọ́. A bó o, a sè é, a dà á sínú odó, a sì gbé ọmọ odó tì í.

Háà! Bí a ṣe ń gún un ni ó ń fà. Kí a tó wí, kí a tó fọ̀, ohun tó wà nínú odó ti di àtè tí wọ́n fi ń mú ẹyẹ. Bí ọmọ odó bá gòkè, á bá a gòkè, bí ó bá sọ̀ kalẹ̀, á bá a sọ̀ kalẹ̀. Aládùúgbò mi fi ìka tọ́ ọ wò, ó yí i láàárín ìka méjì, ó ní, "Èyí á wúlò fún bàtà ọkọ mi tó já." A rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú wa. Ọ̀rọ̀ tó bá kọjá ẹkún, ẹ̀rín là ń fi í rín.

Ní ọjọ́ kejì, n kò sún mọ́ odó. Mo fọ pòtétò náà mọ́ tónítóní, mo sì fi èèpo rẹ̀ sílẹ̀, torí pé èèpo ọ̀hún fẹ́lẹ́, bí mo bá sì gbé ọ̀bẹ lé e, ìdajì oúnjẹ ni yóò bá a lọ. Mo sè é nínú omi oníyọ̀ títí ọ̀bẹ fi ń gún un wọlé láìjà. Mo bu díẹ̀ pa mọ́ lára omi rẹ̀, mo da ìyókù nù, mo dá ìkòkò padà sórí sítóòfù kí ó lè gbẹ dáadáa. Ẹ̀yìn orógùn ni mo fi tẹ̀ ẹ́, ìtẹ̀ pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́, mo sì dáwọ́ dúró nígbà tí kókó ṣì kù nínú rẹ̀ gbúngbùn-gbúngbùn, nítorí pé ẹ̀rù àtè àná ń bà mí. Kò sí bọ́tà, nítorí náà mo yọ́ epo pupa ṣíbí mélòó kan, mo gé àlùbọ́sà sí i, mo dín in títí ó fi pọ́n, mo fi ẹ̀yìn ọ̀bẹ fọ́ aáyù méjì lé e. Mo da èyí sórí pòtétò pẹ̀lú omi tí mo bù pa mọ́, mo já ewé efinrin lẹ́yìn fèrèsé, mo gé e wẹ́wẹ́ sí i, mo wọ́n ata gbígbẹ. Ẹ̀gbẹ́ ẹja yíyan ni mo gbé e sí. Ọkọ mi wò ó títí.

"Kí ni èyí?"

"Pòtétò ni."

"Mo rí i pé pòtétò ni. Ta ló bá a jà?"

Ṣùgbọ́n ó jẹ ẹ́ tán, ó sì fi ìka nu àwo. Láti ọjọ́ náà ni mo ti ń ronú pé n óò gbé e lọ fún bàbá mi.

Torí pé ní gbogbo ìgbà tí mo ń rẹ́rìn-ín yẹn, Oǹdó ni ọkàn mi wà. Ìyá mi ti kú ní oṣù mẹ́rin ṣáájú. Ọjọ́ mẹ́ta ló fi ṣàìsàn, bàbá mi kò sì ránṣẹ́ sí mi. Láti Oǹdó sí Àkúrẹ́, kí ni ó jìnnà níbẹ̀? Awakọ̀ èyíkéyìí ní ibùdókọ̀ ì bá bá a mú ìwé pélébé kan wá. Nígbà tí mo fi gbọ́, ó ti dákẹ́. Mo sunkún bí àwọn yòókù ṣe sunkún, mo kí àwọn àlejò, mo bá wọn fọ àwo, n kò sì bi bàbá mi ní nǹkan kan. Báwo lèèyàn ṣe fẹ́ bi ọkùnrin tí ìyàwó rẹ̀ ṣẹ̀ṣẹ̀ lọ ní irú ìbéèrè bẹ́ẹ̀? Mo gbé e mì. Inú ń bí mi sí i, mo sì ń tijú pé inú ń bí mi.

Òun náà kò sì jẹun mọ́. Iyán ọwọ́ ìyá mi ló mọ̀. Ìyàwó àbúrò rẹ̀ tí wọ́n jọ ń gbé agboolé ń gún iyán fún un, ìka méjì ni yóò mú níbẹ̀, yóò dúpẹ́, yóò sì dé e padà. Ọ̀gá ilé-ìwé tó ti fẹ̀yìn tì ni, ọkùnrin tí ohùn rẹ̀ máa ń dá gbogbo pápá ìṣeré dúró, ṣùgbọ́n nígbà tí mo lọ gbẹ̀yìn, aago ọwọ́ rẹ̀ ti ń yọ̀ dé ìgúnpá. Mo mọ̀ pé bí nǹkan kan kò bá yí padà, ebi ni yóò mú un tẹ̀lé ìyá mi.

Ní Sátidé kan mo di pòtétò sínú àpò, mo wọ bọ́ọ̀sì. A kọjá Owẹ́nà, òjò ń ṣẹ́ winniwinni. Ní Oǹdó, ọlọ́kadà gbé mi gba iwájú àwọn ilé tí wọ́n ti ń kó kòkó tí wọ́n sá wọlé nítorí òjò. Bàbá mi jókòó sí ọ̀dẹ̀dẹ̀, ó ń ka Bíbélì, àbí kí n ní ó kàn ṣí i sílẹ̀. Mo kúnlẹ̀ kí i. Ó ní, "O ti rù," mo sì fẹ́rẹ̀ẹ́ rẹ́rìn-ín, pé ta ni ẹni tó rù nínú àwa méjèèjì.

Ilé ìdáná ìyá mi ni mo ti dáná. Ọmọ odó rẹ̀ fara ti ògiri níbi tó fi í sí, aláǹtakùn ti ta okùn mọ́ ọn. N kò fọwọ́ kàn án. Mo se pòtétò mi bí mo ṣe sọ ọ́ yẹn, mo tẹ̀ ẹ́, mo da epo àti àlùbọ́sà lé e. Mo bu ẹ̀fọ́ àti ẹja sí àwo, mo gbé pòtétò sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀, mo fi ṣíbí sí i. Bàbá mi kò wo ṣíbí. Ó fọ ọwọ́ rẹ̀ bó ṣe máa ń ṣe, ó gbàdúrà, ó sì fi ìka bu òkèlè, bí ẹni tó fẹ́ jẹ iyán.

Ọwọ́ rẹ̀ dúró. Ó fi àtàǹpàkò wá a, ó rí i, ó yọ ọ́: kókó pòtétò kan, kò ju hóró kòkó lọ. Ó gbé e sí etí àwo jẹ́ẹ́jẹ́ẹ́. Ó wá gbójú sókè wò mí.

"Kí ni mo ṣe?"

Wàá ní láti mọ ìyá mi kí o tó lè mọ ohun tí ìbéèrè yẹn jẹ́. Ní gbogbo àdúgbò wa, kò sí ẹni tí iyán rẹ̀ kúnná tó tirẹ̀. Ṣùgbọ́n bí bàbá mi bá ṣẹ̀ ẹ́, kò ní pariwo, kò ní kó ẹrù. Yóò gún iyán, yóò sì fi kókó kan sílẹ̀ níbẹ̀, ẹyọ kan péré. Bí bàbá mi bá kàn án, á yọ ọ́ sí etí àwo, á bi í pé, "Ìyá àwọn ọmọ, kí ni mo ṣe?" Àwa ọmọ á dìde láìsí ẹni tó lé wa. Wọn a sọ ọ́, wọn a yanjú ẹ̀. Bí ó bá ti parí, bàbá mi á mú kókó náà, á jẹ ẹ́. N kò rántí èyí nígbà tí mo ń fi orógùn tẹ pòtétò. Mo búra fún ọ, kò sí lọ́kàn mi rárá.

Mo lè sọ fún un pé bí wọ́n ṣe ń se pòtétò yìí nìyẹn. Òótọ́ pọ́ńbélé ni ì bá jẹ́. Mo la ẹnu láti sọ ọ́, ohun tó jáde ni, "Ẹ ò ránṣẹ́ pè mí."

Ó yọ jígí ojú rẹ̀, ó gbé e sórí Bíbélì. Èdè Oǹdó wa ló fi sọ̀rọ̀, òun tí kì í sọ fún wa ju ti inú ìwé lọ. Ó ní lójoojúmọ́ ni òun ń mú bíróò nínú ọjọ́ mẹ́ta náà. Ó ní bí òun bá ti kọ ọ́ pé kí n máa bọ̀, a jẹ́ pé òun ti gbà pé ìyá mi ń lọ nìyẹn. "N kò fẹ́ gbà," ló wí. "Mo fi ìbẹ̀rù tèmi dù ọ́ láti rí ìyá rẹ. Má bínú, ọmọ mi."

Mo sunkún, kì í ṣe ẹkún àlejò bíi ti ọjọ́ ìsìnkú. Mi ò sọ pé ó ti tán, torí kò tíì tán. Mo kàn sọ pé, "Mo gbọ́, Bàbá." Ó fara balẹ̀ títí mo fi nu ojú mi. Lẹ́yìn náà ó mú kókó náà ní etí àwo, ó fi í sẹ́nu, ó jẹ ẹ́ bí ẹni ń jẹ obì. Ó fa àwo mọ́ra. Ó jẹ pòtétò, ó jẹ ẹja, ó jẹ ẹ̀fọ́, ó ní iyọ̀ ọbẹ̀ kò tó. Ìyàwó àbúrò rẹ̀ yọjú láti ẹnu ọ̀nà, ó rí àwo tó ṣófo, ó káwọ́ lérí, ó padà.

Wọ́n ní iyán ogún ọdún a máa jóni lọ́wọ́. Mo gbà bẹ́ẹ̀. Ọ̀rọ̀ yẹn jó mi lọ́wọ́ fún ìgbà pípẹ́ lẹ́yìn ọjọ́ náà, mo sì máa ń bi í ní ìbéèrè kan lé òmíràn nígbàkúùgbà tí mo bá lọ sí Oǹdó: kí ni ó jẹ kẹ́yìn, ṣé ó dárúkọ mi. Ó dá mi lóhùn gbogbo rẹ̀. Ìbéèrè kọ̀ọ̀kan, àwo pòtétò kan. Mo ti rò tẹ́lẹ̀ pé ìyá mi ń fìyà jẹ bàbá mi ni pẹ̀lú kókó inú iyán. Àṣé ó ń bá a ṣí ilẹ̀kùn ni.

Ní ọdún kẹfà, bàbá mi dùbúlẹ̀ àìsàn ní yàrá tí a fún un nílé wa ní Ìjàpọ̀. Ọ̀fun rẹ̀ kò gba nǹkan líle mọ́, nítorí náà mo bó pòtétò náà, mo tẹ̀ ẹ́, mo fi asẹ́ jọ̀ ọ́, títí ó fi kúnná bíi ti ìyá mi. Mo ń fi ṣíbí bọ́ ọ. Ó yí i lẹ́nu, ó tún yí i, bí ẹni ń wá nǹkan.

"Kò sí kókó níbẹ̀?"

"Kò sí, Bàbá."

Ó wò mí dáadáa, ó rí i pé òótọ́ ni mo sọ, ó sì la ẹnu fún ṣíbí mìíràn.