Irorẹ́ Tó Ń Sọ̀rọ̀

Nígbà tí mo wà ní sẹ́kọ́ńdìrì, eré kan wà lórí tẹlifíṣọ̀n ní gbogbo ìrọ̀lẹ́ Sátidé. Ọmọbìnrin inú rẹ̀ yọ irorẹ́, irorẹ́ náà sì lẹ́nu. Bó bá ti dé kíláàsì, irorẹ́ á máa tú àṣírí ẹ̀ síta, tíṣà á sì ní kí ọmọ náà àti irorẹ́ ẹ̀ jọ kúnlẹ̀.

Ìyá ìyá mi, tí mo ń pè ní Màmá, tí wọ́n ń ta obì gbànja ní Ṣàgámù, kì í fi eré yìí ṣeré. Wọ́n á da obì sílẹ̀ ní pálọ̀, wọ́n á máa ṣa èyí tí kòkòrò ti jẹ kúrò, wọ́n á máa rẹ́rìn-ín títí omi á fi bọ́ lójú wọn. Kí ló pani lẹ́rìn-ín níbẹ̀? Irorẹ́ kún ojú tèmi náà!

Lọ́jọ́ kan, lójú àwọn oníbàárà wọn, Màmá di àgbọ̀n mi mú, wọ́n yí ojú mi síbi iná bí ẹni ń yẹ obì wò.

"Ẹ wò ó, tiẹ̀ náà máa tó sọ̀rọ̀."

Gbogbo wọn bú sẹ́rìn-ín. Ojú gbà mí tì.

Ní Sátidé tó tẹ̀lé e, mo fi ìbòrí bojú dé imú, mo ní nǹkan ń ṣe mí, n ò ní wò ó. Ẹ̀yìn kọ́tìnnì ni mo ti ń yọjú. Ọmọ inú eré ti fi àpò ìrẹsì borí lọ sílé ìwé. Màmá ò rẹ́rìn-ín. Wọ́n sún mọ́ tẹlifíṣọ̀n.

"Yọ àpò yẹn kúrò, ọmọ mi. Ojú ẹ ò burú rárá."

Mo dúró síbẹ̀, mo ń retí kí wọ́n bojú wẹ̀yìn.