Eré Kọ́ Ni Àríkẹ́ Ilésanmí Ń Ṣe

“Ẹ fi Màmá Mo-ń-kú-lọ sílẹ̀ jàre. Ẹ jẹ́ kí wọ́n ṣeré wọn tán. Tí wọ́n bá rí i pé a ò pàtẹ́wọ́, wọ́n á dìde fúnra wọn.”

Mo kọ ọ̀rọ̀ náà sílẹ̀ gẹ́gẹ́ bí wọ́n ṣe sọ ọ́. N kò fi kún un, n kò sì yọ kúrò nínú rẹ̀. Nọ́ọ̀sì ló sọ ọ́, nínú aṣọ funfun, ní gbọ̀ngàn tí àwọn aláìsàn ti ń dúró ní Ilé Ìwòsàn Ìtura-Òkè, ní òwúrọ̀ ọjọ́ Ajé kan nínú oṣù Kejì ọdún yìí. Obìnrin tí ó ń sọ̀rọ̀ nípa rẹ̀ jókòó sórí bẹ́ǹṣì níwájú rẹ̀. Ó fi ọwọ́ kan di àyà mú, ó fi ìkejì di ọmọ rẹ̀ mú. Kò dìde fúnra rẹ̀. Ibẹ̀ ló kú sí. Orúkọ rẹ̀ ni Àríkẹ́ Ilésanmí, ọmọ bíbí ìlú Osi, òṣèré orí ìtàgé, òṣèré tẹlifíṣọ̀n, olóhùn orí rédíò, ìyá ọmọ kan ṣoṣo.

Ní ọjọ́ kejì, ilé ìwòsàn náà gbé ìkéde jáde. Wọ́n kẹ́dùn. Wọ́n pè é ní “ìràwọ̀ àgbègbè wa”. Láàárín ìkẹ́dùn àti ìràwọ̀, wọ́n wá sọ pé: “Ó ṣeni láàánú pé ẹbí kò tètè gbé wọn wá. Ẹ̀mí ti bọ́ lára wọn kí wọ́n tó dé ọ̀dọ̀ wa.” Ẹ kíyè sí iṣẹ́ tí gbólóhùn kékeré yìí ṣe. Àwọn tí ó fi í ṣẹ̀sín títí ó fi kú di ẹni tí kò bá a láàyè. Ọmọ rẹ̀, Fẹ́yìsayọ̀, tí ó gbé e dé ọ̀dọ̀ wọn, di ẹni tí ó jẹ́ kí ó kú.

Kí n tó dé orí irọ́ náà, ẹ jẹ́ kí n sọ ẹni tí wọ́n sọ nù, nítorí ó hàn gbangba pé wọn kò mọ̀ ọ́n, bí wọ́n tilẹ̀ rò pé àwọn mọ̀ ọ́n jù.

Ọmọge ni nígbà tí ó fi Osi sílẹ̀ tẹ̀lé ẹgbẹ́ eré alárìnkiri kan tí ó wá ṣeré ní gbọ̀ngàn ilé ẹ̀kọ́. Ọ̀gá ẹgbẹ́ náà gbọ́ ọ tí ó pe ilé ní “ulé”, tí ó pe iṣẹ́ ní “uṣẹ́”, gẹ́gẹ́ bí gbogbo wa níhìn-ín ṣe ń pè é, ó sì ní kí ó lọ máa rán aṣọ eré. Ó ránṣọ. Níbi tí ó ti ń ránṣọ lẹ́yìn aṣọ ìkélé ló ti há ọ̀rọ̀ gbogbo àwọn òṣèré sórí. Ní alẹ́ tí ọkọ̀ ẹni tí ń ṣe ìyá ọkọ nínú eré náà bàjẹ́ sí ọ̀nà, òun ló bọ́ síwájú, pẹ̀lú “ulé” àti “uṣẹ́” rẹ̀, àwọn èrò sì rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú wọn. Kò padà sídìí abẹ́rẹ́ mọ́.

Kò ṣe olórí eré rí. Kì í ṣe olorì, kì í ṣe arẹwà tí gbogbo ọkùnrin ń dù. Òun ni aládùúgbò tí ń fi etí sí ògiri. Òun ni àǹtí tí ó ní òun wá kí wọn fún ọjọ́ méjì, tí ó sì gbé àpótí wá. Òun ni opó tí ó dúró sẹ́yìn àwọn tí ń sọ̀rọ̀, tí kò la ẹnu rẹ̀ rárá, tí ẹ kò sì lè gbé ojú kúrò lára rẹ̀. Ó sọ fún mi rí pé: “Ẹni tó ń ṣe ọba, aṣọ ọba ń bá a ṣe é, adé ń bá a ṣe é, àwọn tó dọ̀bálẹ̀ náà ń bá a ṣe é. Èmi tí mò ń ṣe aládùúgbò, ta ló ń bá mi ṣe é?”

Lórí rédíò, nínú eré kan náà, mo gbọ́ ọ tí ó ṣe ìyá àgbà, tí ó ṣe ọmọ tí wọ́n ń nà, tí ó tún ṣe ewúrẹ́ tí ó jẹ iṣu wọn. Kì í jẹ ẹ̀pà ní ọjọ́ tí ó bá ní iṣẹ́ ohùn, ó ní ó máa ń há sí ọ̀nà ọ̀fun. Ó máa ń yọ ẹ̀gbà ọwọ́ àti yẹtí rẹ̀ kí ó tó wọ sítúdíò. Bí ẹni tí ó fẹ́ ṣe bá ń ru ẹrù nínú ìtàn, ó máa gbé nǹkan tí ó wúwo lọ́wọ́ lóòótọ́, kí èémí rẹ̀ lè rí bí ó ṣe yẹ kí ó rí. Ohùn rẹ̀ náà ni ẹ ń gbọ́ ní àràárọ̀ nínú ìpolówó ètò ìlera, tí ó ń sọ pé kí ẹni tí àyà bá ń dùn má ṣe dúró sílé, kí ó tètè lọ sí ilé ìwòsàn tí ó bá sún mọ́ ọn. Ó gba ohùn ara rẹ̀ gbọ́. Ó lọ.

Tẹlifíṣọ̀n ló sọ ọ́ ní Mo-ń-kú-lọ. Nínú eré alátìgbàdégbà kan, ó ṣe ìyá ọkọ tí ó máa ń ṣubú lulẹ̀ nígbàkígbà tí ọmọ rẹ̀ bá fẹ́ ṣe ìfẹ́ inú ara rẹ̀. “Mo ń kú lọ o! Ẹ pe àlùfáà!” Bí ọmọ bá ti gbà, ìyá á dìde, á gbọn yẹ̀rì, á sì bèèrè oúnjẹ. Kò sí ọmọdé kan láti Osi dé Koro tí kò lè sín in jẹ. Ní ìloro ilé rẹ̀ ni mo ti bi í bí ó ṣe rí ipa náà mú. Ó dáhùn pé: “Èmi ni mo jókòó ti baba Fẹ́yìsayọ̀ títí wọ́n fi lọ. Wọn ò pariwo. Ẹni tó ń kú lóòótọ́, èémí ló ń wá, kò ráyè ariwo. Ìdí nìyẹn tí mo fi gbé ariwo fún Mo-ń-kú-lọ, kí ọmọdé pàápàá lè mọ̀ pé irọ́ ló ń pa.”

Ó ní òfin kan tí gbogbo ẹni tí ó sún mọ́ ọn mọ̀: kì í ṣeré níta. Níbi ìkórè ṣọ́ọ̀ṣì kan ní Iloffa, olùdarí ètò, ọ̀dọ́mọkùnrin kan tí ń jẹ́ Ọládipúpọ̀, na ẹ̀rọ gbohùngbohùn sí i lẹ́nu. “Màmá wa, ẹ bá wa kú díẹ̀, kí ìkórè yìí lè dùn!” Àríkẹ́ kò tilẹ̀ dìde. “Ọmọ mi, ìwọ kọ́kọ́ kú ná. Bí mo bá ti rí ibi tó kù sí, màá bá ọ tún un ṣe.” Gbogbo ṣọ́ọ̀ṣì bú sẹ́rìn-ín, àlùfáà náà kò gbẹ́yìn. Òun tún gèlè rẹ̀ ṣe, ó sì kọjú sí pẹpẹ.

Mo ti bá ẹni mẹ́ta tí ọ̀rọ̀ ọjọ́ Ajé náà ṣojú wọn sọ̀rọ̀, lọ́tọ̀ọ̀tọ̀, wọn kò sì gbọ́ ohun tí ẹnì kejì sọ. Àkọ́kọ́ ni Fẹ́yìsayọ̀. Ìkejì ni Akọ́ládé, ọlọ́kadà tí ó gbé wọn. Ìkẹta ni Kaothar, ìyá ìkókó tí ó gbé ọmọ wá gba abẹ́rẹ́ àjẹsára, tí kò sì mọ ìdílé Ilésanmí rí. Ọ̀rọ̀ wọn bára mu.

Iṣu ni Àríkẹ́ ń bẹ lọ́wọ́ tí àyà fi gbá a mú. Fẹ́yìsayọ̀ pe Akọ́ládé, wọ́n gbé ìyá sáàárín ara wọn lórí ọ̀kadà, wọn kò sì dúró níbì kankan. Láti ẹnu géètì ni Akọ́ládé ti ń kígbe pé, “Ẹ gbà wá o, màmá ò lè mí dáadáa!” Ẹ̀rín ni ẹ̀ṣọ́ géètì fi dá a lóhùn. “Á à! Mo-ń-kú-lọ ti dé ọ̀dọ̀ wa!”

Nọ́ọ̀sì jáde. Fẹ́yìsayọ̀ kúnlẹ̀. “Ẹ jọ̀ọ́, sísítà, àyà ló ń dùn wọ́n.”

“Ẹ wo ọmọ wọn náà!” ni nọ́ọ̀sì wí. “Òun náà mọ̀ ọ́n ṣe o. Inú ẹ̀jẹ̀ ló wà.”

Òṣìṣẹ́ mìíràn yọ fóònù. “Màmá, ẹ wo ibí. Ẹ sọ ọ́ ká gbọ́, ẹ sọ pé, ‘Mo ń kú lọ o!’ Ẹ ṣe é fún wa lẹ́ẹ̀kan péré.”

Àríkẹ́ mi orí. Ó sọ ọ̀rọ̀ kan tí Kaothar, tí èjìká wọn kanra, ní díẹ̀ ló kù kí òun má gbọ́: “Ọmọ mi, n kò sí lẹ́nu uṣẹ́.”

Ẹ̀rín wọn ga sí i. Kaothar ní, “Ẹ wo ètè wọn, ó ti ń ṣú.” Wọ́n dá a lóhùn pé, “Ìyá ìkókó, ẹ jókòó kí ó kàn yín.” Lẹ́yìn èyí ni nọ́ọ̀sì sọ ọ̀rọ̀ tí mo fi bẹ̀rẹ̀. Nígbà tí dókítà tí ó wà lẹ́nu iṣẹ́ lọ́jọ́ náà jáde láti yàrá rẹ̀ kí ó lè mọ ohun tí ń pa àwọn ènìyàn rẹ̀ lẹ́rìn-ín, ó fi ìka kan ọrùn Àríkẹ́, ó sì ní kí wọ́n lọ mú aṣọ tí wọn yóò fi bò ó wá.

Wọ́n ní ó ti kú kí ó tó dé. Ó dára. Ta ni wọ́n wá ní kí ó wo fóònù? Òkú ni wọ́n ń bẹ̀ pé kí ó ṣe é fún àwọn lẹ́ẹ̀kan péré? Fídíò náà wà. Ọwọ́ ara wọn ni wọ́n fi gbé e sórí Wasáàpù ní òwúrọ̀ náà, tí àwọn ojú tí ń rẹ́rìn-ín tò sábẹ́ rẹ̀. Wọ́n sáré yọ ọ́ nígbà tí igbe Fẹ́yìsayọ̀ gba gbọ̀ngàn kan, ṣùgbọ́n ó ti dé ọ̀dọ̀ àwọn ẹlòmíràn, ó sì ti dé ọ̀dọ̀ mi. Mo wò ó láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin. Ó mi orí. Ó la ẹnu. Ẹ̀rín wọn bo ohun tí ó sọ mọ́lẹ̀. Obìnrin tí ohùn rẹ̀ ń dé ẹ̀yìn gbọ̀ngàn láìlo ẹ̀rọ, àwọn tí ó yẹ kí ó gbà á là ló pa ohùn náà mọ́ ọn lẹ́nu.

Àwọn ọ̀rẹ́ ilé ìwòsàn náà ti wá bá mi. Wọ́n ní, “Ẹ̀yin náà ẹ mọ̀ pé màmá yẹn mọ eré ṣe jù.” Ṣé ẹ̀bùn rẹ̀ ló wá jẹ̀bi? Bí awakọ̀ bá fara pa, ṣé a ó ní kí ó kọ́kọ́ wakọ̀ ká wò ó? Bí akọrin bá ń sunkún, ṣé a ó máa bá a gbe orin? Òṣèré lè fi ojú tàn wá, ó lè fi ohùn tàn wá, ṣùgbọ́n ẹ̀rọ tí wọ́n fi ń wọn ìfúnpá ẹ̀jẹ̀ kì í wo tẹlifíṣọ̀n. Wọn kò so ó mọ́ ọn lápá. Ẹnikẹ́ni kò di ọrùn ọwọ́ rẹ̀ mú. Bí wọ́n bá tilẹ̀ gbà pé eré ni, èwo nínú ẹ̀kọ́ wọn ló ní kí aláìsàn kọ́kọ́ fi hàn pé òun kì í purọ́ kí wọ́n tó yẹ̀ ẹ́ wò?

Ní ọjọ́ ìsìnkú, àwọn ẹbí wá láti Èkó àti Ilọrin. Olóyèdé, àbúrò òkú, ṣí fóònù rẹ̀ níwájú gbogbo ènìyàn, ó ka ìkéde ilé ìwòsàn náà sí Fẹ́yìsayọ̀ létí, ó sì bi í pé: “Kí lò ń ṣe látàárọ̀ tó ò fi gbé e lọ? Iṣu lò ń dúró jẹ?” Ọmọ náà bú sẹ́kún. Ní ẹnu sàréè, ọmọ òkú ló máa ń kọ́kọ́ bu erùpẹ̀ nílẹ̀ wa. Wọ́n ní kí Fẹ́yìsayọ̀ sún sẹ́yìn. Olóyèdé ló bù ú. Ọmọ kan ṣoṣo tí Àríkẹ́ bí dúró lẹ́yìn àwọn ìbátan, ó ń wo ìyá rẹ̀ láti àárín èjìká wọn. Ẹni tí ó kọ ìkéde náà kò sí níbẹ̀. Òdòdó ló fi ránṣẹ́.

N kò dárúkọ nọ́ọ̀sì náà níhìn-ín. Kì í ṣe pé mo ṣàánú rẹ̀. Ẹni tí ó fi aláìsàn ṣẹ̀sín ṣẹ̀, ó sì gbọ́dọ̀ jẹ́jọ́. Ṣùgbọ́n ẹni tí ó jókòó ti tábìlì ní ọjọ́ kejì, tí ara rẹ̀ balẹ̀, tí ó ro ọ̀rọ̀ náà jinlẹ̀, tí ó sì fi ọwọ́ sí irọ́, ẹ̀ṣẹ̀ tirẹ̀ ló tóbi jù. Orúkọ rẹ̀ ni Dókítà Adéjùmọ̀, alága ìgbìmọ̀ alákòóso Ilé Ìwòsàn Ìtura-Òkè. Òun ni mo ń bá sọ̀rọ̀.

Dókítà, a kò fẹ́ òdòdó mọ́, a kò sì fẹ́ kí ẹ tún pè é ní ìràwọ̀. Ẹ jáde ní gbangba, níbi tí ẹ ti gbé ìkéde yín jáde, kí ẹ sọ pé Àríkẹ́ Ilésanmí wà láàyè nígbà tí ọmọ rẹ̀ gbé e dé ọ̀dọ̀ yín. Ẹ sọ ẹni tí ó gbà á, ẹ sọ ẹni tí ó ya fídíò, ẹ sì sọ ohun tí ẹ ti ṣe fún wọn. Ẹ tọrọ àforíjì lọ́wọ́ Fẹ́yìsayọ̀ pẹ̀lú orúkọ rẹ̀, kì í ṣe lọ́wọ́ “ẹbí olóògbé”. Àwọn ẹbí yóò tún péjọ ní Osi ní ọjọ́ Àbámẹ́ta, ọjọ́ kejìdínlọ́gbọ̀n oṣù Kẹta, wọ́n sì ti ránṣẹ́ sí Fẹ́yìsayọ̀ pé kí ó wá sọ tẹnu rẹ̀ lórí ikú ìyá rẹ̀. Ẹ̀yin ló yẹ kí ẹ jẹ́jọ́ yẹn. Bí ẹ bá dákẹ́, fídíò náà àti àwọn ẹlẹ́rìí mẹ́ta náà yóò dé iwájú àjọ tí ó fún yín ní ìwé àṣẹ.

Kí èsì yín dé ọwọ́ mi, ní kíkọ, kí aago mẹ́rin ìrọ̀lẹ́ tó lù ní ọjọ́ Ẹtì, ọjọ́ kẹtàdínlọ́gbọ̀n oṣù Kẹta ọdún 2026.