Aago Tí Mo Fi Àkísà Dí Lẹ́nu

Fọ́ọ̀mù tú ni mo dé kí ìwé tó sú mi, nítorí náà kí ẹnikẹ́ni má retí sáyẹ́ǹsì gidi lọ́dọ̀ mi. Èyí tí mo mọ̀, èmi àti ọmọbìnrin kan la jọ dá a sílẹ̀ nínú ṣọ́ọ̀bù télọ̀ kan ní Jakpa Road, níbi tí a ti ń kọ́ṣẹ́ lọ́wọ́ obìnrin Ọ̀yọ́ kan tí a ń pè ní Àǹtí. Ubeji, àdúgbò kan létí odò, ni ọmọbìnrin náà ti ń wá. Apẹja Ìlàjẹ ni bàbá rẹ̀, ọmọ onílẹ̀ ibẹ̀ sì ni ìyá rẹ̀. Ó gbọ́ Yorùbá dáadáa, ṣùgbọ́n Pidgin ló fi ń dáni lóhùn, àfi tí inú bá ń bí i.

Òun ló kọ́kọ́ ṣàkíyèsí rẹ̀. Ó ní bí maṣíìnì àwa méjèèjì bá ń sáré pọ̀, tí ẹsẹ̀ wa ń tẹ̀ ẹ́ lẹ́ẹ̀kan náà, ọwọ́ aṣọ méjì á ti parí kí a tó mọ̀ pé a jókòó. Bí ọ̀kan bá ń dá wà á, ọ̀sán á gùn bí ìgbà téèyàn ń dúró de ọkọ̀. A bẹ̀rẹ̀ sí í dán an wò. Tí oníbàárà aláìnísùúrù bá jókòó sórí bẹ́ǹṣì, a ó máa rọra tẹ̀ ẹ́ pọ̀, kò sì ní pẹ́ tí onítọ̀hún á gbàgbé ìbínú, tí á máa ròyìn ọmọ rẹ̀ fún wa. Ẹ̀yìn ìwé tí Àǹtí ń kọ ìwọ̀n aṣọ sí ni ọmọbìnrin náà ń kọ òfin wa sí, láàárín ìbàdí obìnrin kan àti èjìká òmíràn. Èyí tó fẹ́ràn jù nìyí: "Time wey never ring, e never reach." Àkókò tí kò bá tíì dún, kò tíì dé.

Àǹtí a máa fi wá ṣẹ̀sín. "Ẹ̀yin ọ̀mọ̀wé, ìró yín ò lè bá mi gán bọ́tìnì? Ìyá ìyàwó ń bọ̀ lọ́la, aṣọ rẹ̀ ò tíì lọ́wọ́, kò tíì lọ́rùn."

"Àǹtí, we dey drag tomorrow go back."

"Ẹ fà á o. Ẹ má ṣáà ti fa aṣọ oníaṣọ ya."

Nígbà tó yá, ìjà àwọn ẹ̀yà ìlú náà gbóná. Ìbọn ń dún lápá odò, wọ́n sì ń dí ọ̀nà kí ilẹ̀ tó ṣú. Ọkọ̀ tó kẹ́yìn sí Ubeji kì í kọjá aago mẹ́rin ààbọ̀. Aago oníbátìrì kan wà lára ògiri ṣọ́ọ̀bù, tó ń dún ní wákàtí wákàtí. Ọmọbìnrin náà kọ̀yìn sí i níbi tó ń jókòó, etí ló fi ń mọ ìgbà. Bó bá ti dún lẹ́ẹ̀mẹrin, á ká iṣẹ́ rẹ̀, á gbé báàgì, ó di ọ̀la.

Ó di ọ̀la yẹn ni mi ò lè fara dà mọ́. Kí ìjà tó dé, a máa ń ṣiṣẹ́ di aago mẹ́fà, a ó sì jọ rìn lọ wọkọ̀, a ó máa jẹ ẹ̀pà lọ. Mi ò tíì sọ fún un pé mo fẹ́ràn rẹ̀. Mo rò pé àyè pọ̀.

Lọ́sàn-án ọjọ́ kan, lẹ́yìn tí aago mẹ́ta dún, Àǹtí lọ ra òwú lọ́jà, ọmọbìnrin náà sì lọ pọn omi lẹ́yìnkùlé. Mo gun àpótí, mo sọ aago kalẹ̀, mo ki àjákù aṣọ búlúù tó ń rán lọ́wọ́ sínú ihò tí ohùn rẹ̀ ń gbà jáde, mo sì gbé e kọ́ padà. Wákàtí kan péré ni mo fẹ́ jí. Kí n má purọ́, apá kan ọkàn mi gbà pé òfin wa á ṣiṣẹ́: bí mẹ́rin ò bá dún, mẹ́rin ò ní dé.

A wa maṣíìnì pọ̀ lọ́jọ́ yẹn bí a ò ṣe wà á rí. Ó ń rẹ́rìn-ín. "You see am? Today no wan finish." Mo rí ọwọ́ aago tó kọjá mẹ́rin, tó kọjá mẹ́rin ààbọ̀. Mo tẹrí ba, mò ń rán aṣọ lọ. Ọ̀rọ̀ tí mo tìtorí rẹ̀ jí wákàtí náà, mi ò sọ ọ́.

Àwọn èèyàn tó ń sáré kọjá lójú títì ló mú un bojú wẹ̀yìn wo aago. "Five don pass!" Kò ká iṣẹ́ rẹ̀ kó tó sáré jáde.

Kò rí ọkọ̀. Ó fẹsẹ̀ rìn, àwọn tó dí ọ̀nà sì dá a dúró. Ní Ubeji, àwọn ará àdúgbò ti ń wọ ọkọ̀ ojú omi sá lọ. Ìyá rẹ̀ kọ̀, kò wọ̀ ọ́. Ó ní ọmọ òun ò tíì dé. Etídò ló dúró sí tí ọta ìbọn fi bà á nítan.

Láti ọjọ́ yẹn ni a ti ti ṣọ́ọ̀bù pa. Ọ̀sẹ̀ tí a tún ṣí i ló dé, ó wá kó àlùmọ́gàjí àti téèpù rẹ̀, torí wọ́n ń kó lọ sọ́dọ̀ ẹbí bàbá rẹ̀. Ó ní ìyá òun yè, ṣùgbọ́n ọ̀pá ló fi ń rìn. Ó wá gbójú sókè wo ògiri.

"That day, clock no ring?"

"Bátìrì ẹ̀ ti rẹ̀," mo ní. "Kò lè pariwo mọ́."

Ó jáde, ó ra bátìrì bọ̀ láti ṣọ́ọ̀bù kejì, ó ní kí ohun ìrántí òun wà lọ́dọ̀ wa. Kí n tó dìde, ó ti gun àpótí, ó ti yí aago padà. Ó fi ìka méjì fa àjákù búlúù náà jáde díẹ̀díẹ̀. Àǹtí wà níwájú ṣọ́ọ̀bù pẹ̀lú oníbàárà, kò rí wa.

"Òfin tèmi lo fi mú mi," ló wí. Yorùbá ló fi sọ ọ́.

Ó ki bátìrì bọ̀ ọ́, ó gbé e kọ́, ó ká àjákù aṣọ náà sínú báàgì rẹ̀, ó sì lọ. Kò pẹ́ tí aago dún, ẹ̀ẹ̀mẹta.

Mo ti ní ṣọ́ọ̀bù tèmi báyìí ní Okumagba Layout. Nígbà míì, mo máa ń tẹ maṣíìnì mi díẹ̀ kí n dáwọ́ dúró, bí ẹni pé ẹnìkan fẹ́ tẹ tirẹ̀ bọ́ sí i. Ọ̀nà jìn sí ọ̀kan nínú àwọn ọmọ iṣẹ́ mi. Aago mẹ́ta ni mo ń lé e lọ sílé.

"Ọ̀gá, na now three just ring o."

"Mo gbọ́. Máa lọ."