Ìyá Àgbà, Sísítà àti Ọ̀rọ̀ Gèlè

Ìyá tó bí ìyá mi ló tọ́ mi ní Ifọ̀. Kíjìpá ló ń hun, aṣọ kíki tí àwọn obìnrin ń ró lọ sóko àti sọ́jà, èmi sì ń bá a ran òwú.

Láàárọ̀ ọjọ́ kan, mo yọ́ gèlè rẹ̀ wé, mo fẹ́ máa lọ síléèwé. Ẹnu ọ̀nà ló ti ká mi mọ́.

"Ọkọ wo lo fẹ́ tí mi ò gbọ́?" Ó tú gèlè náà lórí mi. "Irun dídì ni ẹwà ọmọge. Tó o bá délé ọkọ, wàá wé gèlè títí yóò fi sú ọ."

Mo sunkún dé iléèwé. Sísítà òyìnbó ìjọ Kátólíìkì tó máa ń wọ rélùwéè wá láti Abẹ́òkúta, tó ń kọ́ wa ní iṣẹ́ abẹ́rẹ́, bi mí ohun tó ṣe mí. Bí mo ṣe sọ fún un, ẹ̀rín ló bú sí. Ó ní kí n mú òun lọ kí ìyá àgbà.

Nígbà tí a délé, ó kúnlẹ̀, ó yọ fọ́tò kan láti inú ìwé àdúrà rẹ̀.

"Màmá, ẹ wò ó. Ìyá mi àti àbúrò mi obìnrin nìyí. Ọmọ ẹ̀yà Básíkì ni wá nílùú òyìnbó, orí òkè nilé wa."

Nínú fọ́tò náà, ìyá Sísítà fi aṣọ funfun di gbogbo irun rẹ̀. Àbúrò kò borí. Ó di irun gígùn rẹ̀ sọ́nà méjì sẹ́yìn. Sísítà ní bí wọ́n ṣe ń mọ abilékọ yàtọ̀ sí ọmọge nílùú àwọn nìyẹn.

"Háà! Wọ́n ń wé gèlè lọ́hùn-ún?" Ìyá àgbà wo ìborí Sísítà. "Ìwọ tí o ò lọ́kọ ńkọ́?"

"Mo ti fi ara mi fún Olúwa, Màmá."

"Ó dáa. Ilé ọkọ náà nìyẹn."

Ó wọ yàrá, ó mú kíjìpá aláró tuntun jáde, ó ró o mọ́ Sísítà lórí ẹ̀wù funfun rẹ̀. Ìró náà ń tú, wọ́n jọ ń rẹ́rìn-ín, àfìgbà tí ìyá àgbà fi ọ̀já gbà á nídìí.

"Ró o délé, kó o wá fi ránṣẹ́ sí ìyá ẹ. Òtútù orí òkè kò ní mú un."

Bẹ́ẹ̀ ló ṣe ró o dé ibùdókọ̀ ojú irin. Àwọn tó ń ta bọ̀ọ̀lì dìde wò ó.

Lẹ́yìn oṣù díẹ̀, lẹ́tà dé. Sísítà túmọ̀ rẹ̀ fún wa: ìyá rẹ̀ ń fi kíjìpá náà bo èjìká lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì, gbogbo obìnrin àdúgbò sì ń béèrè ẹni tó hun ún. Ìyá àgbà ní kó kà á lẹ́ẹ̀kan sí i. Lọ́sẹ̀ yẹn gan-an ló ta òwú tuntun sórí òfì.