Arúgbó Tó Wojú Kámẹ́rà

Nínú ilé wa ní Yekaterinburg ní Rọ́ṣíà, níbi tí ọ̀pọ̀ ìdílé jọ ń gbé, kò sẹ́ni tó lè sọ iṣẹ́ tí Rima ń ṣe ní pàtó. Nígbà ọ̀dọ́ rẹ̀, ehoro àti ẹja ló ń yà fún fíìmù àwọn ọmọdé. Ìyẹn yé wa. Ìgbà tí ilé iṣẹ́ tó ń ṣe fíìmù yẹn kógbá sílé, ó di ẹni tó ń fi kọ̀ǹpútà tún fíìmù ẹlòmíì ṣe. Wáyà tí wọ́n fi gbé òṣèré sókè, mọ́tò òde òní tó ṣèèṣì kọjá nínú ìtàn ayé àtijọ́, òun ló ń pa wọ́n rẹ́. Ta ni yóò wá yin ohun tí kò sí mọ́? Bàbá rẹ̀, Arkadi Lvovich, tó ti fẹ̀yìn tì lẹ́nu wíwa tíráàmù, ọkọ̀ ojú irin àárín ìgboro, kò tíì rí iṣẹ́ ọmọ rẹ̀ kan kó yìn ín.

Lọ́dún kan, wọ́n wá ya fíìmù ogun ní ibùdókọ̀ ojú irin wa, wọ́n sì ń wá àwọn àgbà tí yóò dúró láàárín èrò. Bàbá gbọ́ pé ọ̀dọ̀ Rima ni wọ́n máa gbé fíìmù náà lọ, ló bá yọ́ lọ láìsọ fún un. Bí gbogbo èrò ṣe ń sunkún tẹ̀lé ọkọ̀ ojú irin tó ń kó àwọn ọmọ ogun lọ, bàbá yíjú sí kámẹ́rà, ó rẹ́rìn-ín sí ọmọ rẹ̀ tó máa rí i lórí kọ̀ǹpútà.

Rima rí i. Ọ̀gá rẹ̀ náà rí i, ó ní kó mú arúgbó òpònú yẹn kúrò. Rima ìbá sọ pé bàbá òun ni, ṣùgbọ́n ojú tì í. Ó fi ògiri dípò rẹ̀. Ó fẹ́ sọ fún bàbá, ọ̀rọ̀ di màá-sọ-lọ́la, títí bàbá fi pe gbogbo àwa ará ilé lọ sí sinimá.

Mo bi í pé, “Arkadi Lvovich, tẹ́ ẹ bá di gbajúmọ̀, ṣé ẹ ṣì máa kí wa?”

“Màá rò ó wò.”

Ibùdókọ̀ yẹn kọjá lójú wa, a ò rí bàbá níbẹ̀. Nígbà tí iná tàn, kò lè wojú ẹnikẹ́ni. Omi ti tẹ̀yìn wọ ìgbín lẹ́nu. Rima ní láti sọ ọ́.

“Pápà, èmi ni mo pa yín rẹ́.”

“Ibi ògiri yẹn?”

“Bẹ́ẹ̀ ni.”

Bàbá ní, “Mo tẹjú mọ́ ọn gan-an, Rimochka. Mi ò rí àpá kankan. Iṣẹ́ rẹ mọ́.”

Ká ní ó bú u ni, ì bá sàn. Nígbà tí bàbá kú, Rima lọ bẹ àwọn tó ya fíìmù náà fún àwòrán ti tẹ́lẹ̀, èyí tí bàbá ṣì wà nínú rẹ̀, wọ́n ní àwọn ti pa á rẹ́. Àánú rẹ̀ ṣe mí. Mo rán an létí pé fọ́tò bàbá kún ilé.

Ó ní, “Ẹ̀rín yẹn ni mò ń wá. Èmi ló rín in sí.”