Táíwò Lọ sí Èkó

Ní agboolé tí wọ́n ti bí Mosúnmọ́lá, lẹ́bàá Ọ̀fàdà, wọn kì í sọ pé ìbejì kú. Wọ́n á ní ó lọ sí Èkó ni. Bí èèyàn bá la ẹnu sọ ọ́ ní tààrà, èyí tó kù lè gbéra tẹ̀ lé ìkejì rẹ̀. Ẹni tó bá wù kó fi rẹ́rìn-ín, àmọ́ kó kọ́kọ́ bí ìbejì ná.

Nígbà tí onígbáméjì pa Táíwò ọmọ rẹ̀ lọ́dún tó kọjá, Mosúnmọ́lá wà lára àwọn obìnrin tó wẹ òkú náà. Ọwọ́ ara rẹ̀ ló fi pa ojú ọmọ ọdún méje dé. Obìnrin yìí kì í ṣe wèrè. Ó mọ ohun tí wọ́n fi aṣọ funfun yẹn wé. Síbẹ̀, nígbà tí Kẹ́hìndé béèrè ìkejì rẹ̀, ó ní, "Ó lọ sí Èkó." Kò sì rò pé irọ́ lòun pa. Ó mọ̀ pé ọmọ òun wà nínú ilẹ̀, ó tún mọ̀ pé ó rìnrìn àjò. Tó bá ń bu oúnjẹ, á bu ti Táíwò sọ́tọ̀, á sì máa sunkún bó ṣe ń bù ú.

Inú máa ń bí Sàlàhúdíìnì, ọkọ rẹ̀ tó ń ta àgádágodo n'Ítòkú. "Ọmọ ti kú, Ìyá Ìbejì. Ọlọ́run ló gbà á. Sọ òótọ́ fún èyí tó kù."

"Kò ní í ti ẹnu mi jáde," ni Mosúnmọ́lá fi dá a lóhùn.

Gbogbo àgbà ilé gbàgbé pé bí ọmọdé bá gbọ́ Èkó, Èkó náà ló gbọ́. Láàárọ̀ Sátidé kan, wọ́n wá Kẹ́hìndé tì. Ọ̀sán ti pọ́n kí wọ́n tó rí i ní gáréèjì Kútọ̀, nínú bọ́ọ̀sì Èkó, tó di ẹ̀wù ìkejì rẹ̀ mọ́ra.

"Ẹ dúpẹ́ lọ́wọ́ Ọlọ́run o, màmá!" ni Jedidiah awakọ̀ ń pariwo. "Díẹ̀ ló kù kí n gbéra! Ó ní òun ń lọ bá ìkejì òun."

Ẹ̀rù ba Mosúnmọ́lá pé lọ́jọ́ mìíràn, bọ́ọ̀sì lè má dúró. Ó di ọmọ náà léjìká mú, ó ní, "Kò sí l'Ékòó. Ó ti kú. A ti sin ín."

Kẹ́hìndé ò sunkún, ó kàn túbọ̀ di ẹ̀wù náà mọ́ra. Kí ọ̀sẹ̀ yẹn tó parí, ibà dá a dùbúlẹ̀. Dókítà ní ẹ̀fọn ni. Mosúnmọ́lá gbà bẹ́ẹ̀, ó ta nẹ́ẹ̀tì ẹ̀fọn sórí ibùsùn rẹ̀, kò sì jẹ́ kí àkókò oògùn kọjá. Ó tún gbà pé ẹnu òun ló fà á. Nígbà tí ara ọmọ náà wá gbóná bí iná, ó tẹ̀ síwájú, ó sọ sí i létí.

"Kẹ́hìndé, jọ̀ọ́, má lọ. Táíwò wà l'Ékòó. Ó ń bọ̀."

Ọmọ náà lajú díẹ̀.

"Màámi, tó bá dé, ta ló máa sọ fún un pé ó ti kú?"